Ohun tí ojú wa rí nídìí COBOL: ẹ wá sọ tiyín

Ìyá Ìbejì, Leeds

Ẹ̀yin ará, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kan ní Òṣogbo pè mí lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó ní, "Àǹtí, ṣé kí n fi àkókò mi kọ́ COBOL, nígbà tó jẹ́ pé Python ni gbogbo ẹgbẹ́ mi ń kọ́?" Èdè tí wọ́n fi ń kọ ètò fún kọ̀ǹpútà ni méjèèjì; COBOL ló ti pẹ́ jù. Mi ò fẹ́ fi bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ dá a lóhùn. Èmi á sọ ohun tí ojú tèmi rí, kí ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti wà nídìí rẹ̀ náà sọ tiyín, kí ọmọ náà kà á.

Ọdún 1994, ní poli, ni mo kọ́kọ́ fojú kan COBOL. Ojú nìkan ni o, ọwọ́ kọ́. Kọ̀ǹpútà tó ń ṣiṣẹ́ nínú yàrá wa kò ju mẹ́ta lọ, àwa tá a wà ní kíláàsì sì lé ní ọgọ́rin. Orí bébà la ti ń kọ ọ́. Bébà náà ní òpó 80 lórí ìlà kọ̀ọ̀kan, lẹ́tà kan sí òpó kan. Òpó 1 dé 6 jẹ́ ti nọ́ńbà ìlà. Òpó 7 lo máa fi àmì ìràwọ̀ sí bí ohun tó o ń kọ bá jẹ́ àlàyé lásán. Òpó 8 ni orúkọ ìpín àti ti ìpínrọ̀ ti ń bẹ̀rẹ̀. Òpó 12 ni àṣẹ gan-an ti ń bẹ̀rẹ̀, kò sì gbọdọ̀ kọjá 72. Olùkọ́ wa máa ń gbé rúlà lé e. Lẹ́tà kan ṣoṣo tó bá yẹ̀, máàkì márùn-ún ti lọ. Àmì ìdánudúró tó o bá gbàgbé, mẹ́wàá.

Mo kórìíra rẹ̀ dọ́kàn. Kò sẹ́ni tó sọ fún wa pé káàdì páálí tí wọ́n ń lu ihò sí lára ló ní òpó 80, pé tìtorí ẹ̀rọ tó ń ka káàdì yẹn ni wọ́n ṣe gbé òfin náà kalẹ̀. Bí ẹ bá ń kọ́ ọmọdé ní COBOL lónìí, ẹ jọ̀ọ́, ibẹ̀ ni kẹ́ ẹ ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ tún sọ ìdí tí wọ́n fi dá èdè náà sílẹ̀ fún wọn. Láyé ọjọ́un, iléeṣẹ́ tó ń ṣe kọ̀ǹpútà kọ̀ọ̀kan ló ní ọ̀nà tiẹ̀; bó o bá pààrọ̀ ẹ̀rọ, àfi kó o tún gbogbo iṣẹ́ rẹ kọ látòkè délẹ̀. Obìnrin kan tó ń jẹ́ Mary Hawes ló pe àwọn èèyàn jọ pé kí wọ́n wá èdè kan tí gbogbo ẹ̀rọ á gbọ́ fún iṣẹ́ ajé. Wọ́n pàdé ní Pentagon, oríléeṣẹ́ ológun Amẹ́ríkà, ní oṣù Karùn-ún 1959, wọ́n sì mú púpọ̀ látinú FLOW-MATIC, èdè tí Grace Hopper àtàwọn èèyàn rẹ̀ ti ṣe ṣáájú. Nígbà tó di oṣù Kejìlá 1960, ètò kan náà ṣiṣẹ́ lórí ẹ̀rọ RCA, ó tún ṣiṣẹ́ lórí ti UNIVAC. Wọ́n fẹ́ kí gbólóhùn rẹ̀ dà bí ọ̀rọ̀ ẹnu: SUBTRACT TAX FROM GROSS-PAY GIVING NET-PAY. Akọ̀wé owó tí kò kọ́ṣẹ́ kọ̀ǹpútà rí á kà á, á sì mọ ohun tó ń lọ. Àwọn kan ń fi gígùn rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́. Èmi ti jókòó ti kóòdù tí wọ́n kọ kí wọ́n tó bí mi, kò sì pẹ́ tí mo fi mọ ohun tó ń sọ.

Ó di 2006 kí ọwọ́ mi tó kàn án ní tòótọ́. Iléeṣẹ́ kan níbí tó ń bójú tó owó ìfẹ̀yìntì gbà mí sí àárín àwọn tó ń ṣọ́ iṣẹ́ òru. Ọ̀sẹ̀ kẹta tí mo débẹ̀, nǹkan bí aago méjì òru, iṣẹ́ tó ń ṣírò owó dá dúró gbọn-in. S0C7 ló gbé jáde. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà lórí mainframe, kọ̀ǹpútà ńlá àwọn iléeṣẹ́, mọ̀ ọ́n: wọ́n ní kí ẹ̀rọ ṣírò ohun tí kì í ṣe nọ́ńbà. Èmi nìkan ni mo wà níbẹ̀. Mo tẹ ohun tó wà nínú ẹ̀rọ jáde sórí bébà, mo ń fi ìka tọ ọ́ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ààyè owó tí òṣìṣẹ́ ń dá jẹ́ báìtì mẹ́rin, ìyẹn àpótí kéékèèké mẹ́rin nínú ẹ̀rọ. Bí owó náà bá jẹ́ £12,345.67, ohun tó yẹ kí n bá níbẹ̀ ni 12 34 56 7C: nọ́ńbà méjì nínú báìtì kọ̀ọ̀kan, kí C tó gbẹ̀yìn sọ pé owó ni, kì í ṣe gbèsè. Bó bá jẹ́ gbèsè ni, D là bá rí. Ohun tí mo bá níbẹ̀ ni 40 40 40 40.

40 ni àlàfo lórí ẹ̀rọ yẹn. Ẹnì kan ní ọ́fíìsì mìíràn ti fi orúkọ òṣìṣẹ́ tuntun ránṣẹ́, kò tíì dáwó kankan, ni wọ́n bá fi ibẹ̀ sílẹ̀ lófìfo dípò kí wọ́n kọ òdo. Mo yọ orúkọ kan ṣoṣo yẹn sẹ́gbẹ̀ẹ́, mo jẹ́ kí iṣẹ́ náà máa lọ, owó àwọn arúgbó sì wọlé láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Orí bébà poli yẹn ni mo ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń ka òpó, ni mo ṣe lè ka báìtì lóru ọjọ́ náà. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ olùkọ́ wa, níbikíbi tó bá wà.

Ní 2015 ni wọ́n ní ká kó gbogbo rẹ̀ lọ sí Java, èdè kọ̀ǹpútà mìíràn. Àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n gbà wá mọṣẹ́, mi ò ní purọ́ mọ́ wọn. A fi oṣù mẹ́rin kọ apá tó ń pín owó ọdún sí oṣù méjìlá, a wá jẹ́ kí ti àtijọ́ àti tuntun jọ ṣiṣẹ́ lórí orúkọ kan náà, ká wò ó bóyá wọ́n á bára mu. Wọn ò bára mu. Ẹni tó ń gba £8,000 lọ́dún, COBOL ní £666.66 lóṣooṣù, Java ní £666.67. Pẹ́nì kan. Ìdí rẹ̀ ni pé COBOL kì í sún nọ́ńbà sókè àfi tó o bá kọ ROUNDED sí i; ṣe ló ń gé ìyókù sọnù. Àwọn ọ̀dọ́ ní àṣìṣe àtijọ́ ni. Èmi náà gbà fún wọn.

Bàbá ará Yorkshire kan tó ku oṣù mẹ́fà kó fẹ̀yìn tì ló gbọ́ wa láti ibi tó jókòó sí. Ó dìde wá, ó tọ́ka sí ìpínrọ̀ kan tí a ti fò kọjá torí pé kò sẹ́ni tó mọ ohun tó ń ṣe níbẹ̀. Oṣù Kẹta nìkan ni ìpínrọ̀ yẹn máa ń ṣiṣẹ́. £666.66 lọ́nà méjìlá jẹ́ £7,999.92. Òun ló ń fi pẹ́nì mẹ́jọ tó kù kún owó oṣù Kẹta, kí gbogbo rẹ̀ lè pé £8,000 géérégé kí ọdún owó orí tó yí. Tiwa tá a ní ó tọ̀nà, £8,000.04 ni ì bá san, fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn, lọ́dọọdún.

Mo bi bàbá náà pé ibo ni wọ́n kọ ọ̀rọ̀ yìí sí. Ó ní kò síbi tí wọ́n kọ ọ́ sí. Ẹni tó ṣe é ti kú, òun tí òun bá a ṣiṣẹ́ lòun mọ̀. Ara mi bù máṣọ. Mo ra ìwé kan lọ́jọ́ yẹn, gbogbo ọ̀sán Ẹtì ni mo sì fi ń jókòó tì í títí tó fi lọ. Ibẹ̀ ni mo ti rí i pé kì í ṣe èdè náà ló ń kú lọ́wọ́ wa. Àwọn tó mọ ìdí ni wọ́n ń tán lọ.

Ó yá, ẹ̀yin ńkọ́?

Ọmọ Akápò, Ìbàdàn

Ìyá Ìbejì, ẹ kú ọ̀rọ̀ o, ẹ kú àyájọ́ òru yẹn. Èmi ò tíì fojú kan mainframe rí. 2020 ni mo bẹ̀rẹ̀, lásìkò kónílé-ó-gbélé, ilé ẹ̀kọ́ wà ní títì. Mo rí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí Open Mainframe Project gbé jáde lọ́dún yẹn, mo sì gba GnuCOBOL sórí laptop mi. Ọ̀fẹ́ lòun náà. Ṣe ló ń sọ COBOL di C, èdè kọ̀ǹpútà mìíràn, kó tó di ohun tí kọ̀ǹpútà ń ṣe, kò sì béèrè ẹ̀rọ ńlá. Laptop àlòkù ni tèmi.

Mi ò fẹ́ máa ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá lásán. Màmá mi ni akápò ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù kan ní ọjà Bódìjà, ìwé nọ́ńbà gbọọrọ kan ni wọ́n sì ń kọ gbogbo owó sí. Mo ní kí n fi COBOL ṣe é fún wọn. Mo fún owó ẹnì kọ̀ọ̀kan ní PIC 9(5)V99, ìyẹn ni pé nọ́ńbà márùn-ún fún náírà, méjì fún kọ́bọ̀. Lójú mi nígbà yẹn, ta ló máa ní ju ₦99,999.99 lọ?

Alhaja kan wà tó ń ta èlùbọ́. Owó rẹ̀ pé ₦120,000 nígbà tó yá. Ètò mi gbé e látinú fáìlì tuntun sínú ààyè yẹn pẹ̀lú MOVE, àṣẹ tó ń gbé iye láti ibì kan sí ibòmíràn, ó sì kọ ₦20,000. Kò pariwo. Kò dá dúró. Ó gé 1 tó wà níwájú sọnù, ó sì ń bá iṣẹ́ lọ bí ẹni pé nǹkan kan ò ṣẹlẹ̀. Bí òfin COBOL ṣe wí nìyẹn: MOVE á tò wọ́n láti ibi tí náírà àti kọ́bọ̀ ti pínyà, èyí tí kò bá rí ààyè níwájú á jábọ́.

Ọjọ́ ìpàdé ni wọ́n ka owó Alhaja sétí gbogbo èèyàn. Ìyá náà kò sọ̀rọ̀, ó kàn yíjú sí màmá mi. Mi ò lè gbàgbé ìwò yẹn. Ọpẹ́lọpẹ́ ìwé gbọọrọ tí màmá mi kọ̀ tí kò jù nù. Ibẹ̀ ni wọ́n ti rí iye tó tọ́. Nígbà tá a délé, màmá mi ní, "Ẹ̀rọ tó jẹ owó olówó tí kò wí nǹkan kan, kí lẹ̀ ń pè é?"

Mo sọ ọ́ di PIC 9(9)V99. Gbogbo ibi tí mo ti ń ro owó pọ̀, mo fi ON SIZE ERROR sí i, kó lè ké bí ààyè ò bá gba owó náà. MOVE kò ní irú ẹ̀ṣọ́ bẹ́ẹ̀, torí náà mo máa ń fi IF yẹ iye náà wò kí n tó gbé e. Tí mo bá rí kóòdù àwọn àgbà báyìí, PIC ni mo kọ́kọ́ máa ń wò. Náírà ìgbà tí wọ́n kọ ọ̀pọ̀ nínú wọn kọ́ là ń ná mọ́.

Àgbà Ìjẹ̀bú, Èkó

Ọmọ Akápò, o káre láé. Ohun tó o sọ nípa ẹ̀rọ tí kò pariwo yẹn rán mi létí 1999.

Báǹkì kan ní Erékùṣù Èkó la wà, àwa mẹ́fà, à ń tún ọjọ́ ṣe kí 2000 tó wọlé. Ẹ mọ ìṣòro náà: nítorí ààyè tó wọ́n nígbà náà, nọ́ńbà méjì ni wọ́n fi ń kọ ọdún. 1967 á di 67. Ọ̀nà tó yá jù láti tún un ṣe ni pé kí o fa ìlà kan sí àárín: ohun tó bá wà lábẹ́ 50, pè é ní ẹgbàá ọdún ó lé, ohun tó bá jẹ́ 50 sókè, pè é ní ọ̀rúndún tó ń lọ. A ṣe bẹ́ẹ̀ fún ọjọ́ ẹ̀yáwó, ó dáa. Ẹnì kan nínú wa wá fi ìlà yẹn kan náà sí ọjọ́ ìbí.

Bàbá kan, oníbàárà wa àtijọ́, 1932 ni wọ́n bí i. Ètò náà kà á sí 2032. Nígbà tó yọ 2032 kúrò nínú 1999, ó kù 33 sísàlẹ̀ òdo. Ṣùgbọ́n ààyè ọjọ́ orí kò ní àmì, PIC 99 lásán ni, kò sí S tó ń jẹ́ kó gba àmì níwájú rẹ̀. Àmì ìyọkúrò bá jábọ́, ó ku 33. Bó bá jẹ́ pé ohun tí kò ṣeé gbà gbọ́ ló kọ, à bá ti rí i nígbà ìdánwò. Ẹni ọdún 33 wọ́pọ̀ ní báǹkì. A ka orúkọ yẹn kọjá lójú ara wa.

Bàbá fúnra rẹ̀ ló wá bá wa lẹ́nu káńtà, wọ́n ti yọ ọ́ kúrò lára àwọn arúgbó tí a kì í gba owó ìtọ́jú àkáǹtì lọ́wọ́ wọn. Ẹni ọdún 67, ọ̀pá lọ́wọ́, ó tò fún wákàtí méjì. Mo dọ̀bálẹ̀ tọrọ àforíjì.

Kí àwọn ọmọdé tó ń ka èyí má rò pé ọ̀rọ̀ náà ti parí. Ìlà tí a fà yẹn ṣì wà nínú kóòdù lónìí ní ibi púpọ̀. Níbi tó bá jẹ́ 50 ni wọ́n fà á sí, 2050 yóò dé bá a. Ẹ máa wá a bí ẹ bá débi iṣẹ́ tuntun.

Dúpẹ́, New Jersey

Tèmi kò gùn. Ní oṣù Kẹrin 2020, gómìnà wa níbí nígbà náà, Phil Murphy, jáde sọ fún gbogbo ayé pé ìpínlẹ̀ ń wá àwọn tó gbọ́ COBOL láti wá ṣèrànwọ́, torí pé àwọn tí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ wọn ti pọ̀ ju ohun tí ẹ̀rọ lè gbà lọ. Àbúrò ọkọ mi wà lára àwọn tó ń dúró de owó náà. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ọ, lẹ́ni ọdún 41, lẹ́yìn iṣẹ́ nọ́ọ̀sì.

Ohun tó mú mi dúró ni ìpele 88. Wọ́n lè kọ W sínú fáìlì fún opó, M fún ẹni tó ní ọkọ tàbí aya. Pẹ̀lú 88, o lè sọ W yẹn lórúkọ, kó o wá kọ IF OPO dípò IF STATUS = "W". Mo fi Yorùbá sọ tèmi lórúkọ lóòótọ́, láìfi àmì sí i, ó sì gbà á. Inú mi dùn lọ́jọ́ yẹn bí ẹni tó gba lẹ́tà láti ilé.

Bàbá Tọ́pẹ́, Abẹ́òkúta

Ẹ kú iṣẹ́ gbogbo yín. Kí n fi ọ̀kan kún un fún ẹni tó bá fẹ́ kó COBOL kúrò lórí mainframe lọ sí Linux, ètò tó ń darí ọ̀pọ̀ kọ̀ǹpútà òde òní, tó sì rò pé bí compiler, ìyẹn ètò tó ń sọ kóòdù di ohun tí ẹ̀rọ lè ṣe, bá ti gbà á, ó parí.

Ètò tiwa ń ka fáìlì méjì pọ̀, ọ̀kan ti oníbàárà, èkejì ti owó tó wọlé, méjèèjì tò tẹ̀lé nọ́ńbà àkáǹtì. Á máa fi ti ọ̀tún wé ti òsì; èyí tó bá kéré, á ka òmíràn lẹ́yìn rẹ̀. Ó ti ń ṣiṣẹ́ bẹ́ẹ̀ fún ogún ọdún. A kó o dé Linux, ó gbà á wẹ́rẹ́, ṣùgbọ́n ìdajì owó tó wọlé ni kò rí olówó.

Ọjọ́ mẹ́ta gbáko la fi wá a. Lórí EBCDIC, ọ̀nà tí mainframe fi ń kọ lẹ́tà àti nọ́ńbà pa mọ́, lẹ́tà ló ń ṣáájú nọ́ńbà: A jẹ́ C1, 1 jẹ́ F1. Lórí ASCII, èyí tí Linux ń lò, nọ́ńbà ló ń ṣáájú lẹ́tà. Àkáǹtì tiwa, òmíràn bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà, òmíràn pẹ̀lú nọ́ńbà. Fáìlì kan ti tò lórí ẹ̀rọ àtijọ́ kí wọ́n tó gbé e wá, èkejì tò lórí tuntun. Méjèèjì tò dáadáa, wọn ò kàn gbà lórí ẹni tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n. A tún méjèèjì tò síbì kan náà, owó gbogbo sì rí olówó rẹ̀.

Ìyá Ìbejì, Leeds

Ẹ ṣeun, ẹ ṣeun gan-an. Àgbà Ìjẹ̀bú, mo ti lọ wo tiwa lẹ́yìn tí mo ka tiyín, 40 ni wọ́n fa ìlà sí, mo sì ti kọ ọ́ sínú ìwé mi.

Ẹnì kan béèrè lọ́wọ́ mi lábẹ́lẹ̀ pé báwo la ṣe wá ṣe ti Java yẹn parí. A kò wó ilé àtijọ́ lulẹ̀. Ọ̀nà kan wà tí Martin Fowler, òǹkọ̀wé nípa iṣẹ́ kọ̀ǹpútà, sọ lórúkọ igi ọ̀dán tó ń hù lára igi mìíràn, tí yóò yí i ká díẹ̀díẹ̀ títí igi tó gbé e dúró yóò fi kú sínú rẹ̀. Àwa tí a dàgbà sí abúlé mọ igi yẹn. Bẹ́ẹ̀ la ṣe é. A fi ilẹ̀kùn kan síwájú COBOL, gbogbo ìbéèrè gba ibẹ̀ wọlé. A mú iṣẹ́ kan ṣoṣo, ìyípadà àdírẹ́sì, a gbé e sí tuntun. Tuntun àti àtijọ́ jọ ṣe é fún oṣù mẹ́ta, à ń fi àbájáde wọn wéra lálaalẹ́. Nígbà tí wọn ò yàtọ̀ mọ́, a yí ilẹ̀kùn. Lẹ́yìn náà òmíràn. Ìṣirò owó gan-an ṣì wà lórí COBOL títí di òní, nínú git báyìí, ètò tó ń tọ́jú gbogbo ìyípadà kóòdù, pẹ̀lú END-IF àti EVALUATE, ọ̀rọ̀ tí òfin COBOL ti 1985 mú wá, níbi tí GO TO, àṣẹ tó ń fò káàkiri, pọ̀ sí tẹ́lẹ̀. Mi ò rí ìdí kankan láti gbé e kúrò níbẹ̀. Ìpínrọ̀ oṣù Kẹta náà wà níbẹ̀, ìlà mẹ́jọ àlàyé sì wà lórí rẹ̀ báyìí, èmi ni mo kọ ọ́, pẹ̀lú £8,000 gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ.

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ti ka gbogbo yín. Ó gba GnuCOBOL lálẹ́ àná, ó kọ ètò kan, compiler sì kọ̀ ọ́: òpó 1 ló ti bẹ̀rẹ̀ gbogbo ìlà. Mo ní kó fi -free sí àṣẹ tó fi ń pe compiler, kó má wo òpó mọ́, yóò gbà á. Mo tún ní kó kọ òmíràn tó tẹ̀ lé òpó 8 àti 12, torí pé bẹ́ẹ̀ ni fáìlì tó máa bá níbi iṣẹ́ ṣe máa rí. Ó fi ránṣẹ́ láàárọ̀ yìí. Ó pín ₦100,000 sí ọ̀nà mẹ́ta, ó rí ₦33,333.33 lẹ́ẹ̀mẹta, ó wá kọ sábẹ́ rẹ̀ pé, "Àǹtí, kọ́bọ̀ kan kù. Ta la máa fún?"

Mo ti pè é. À ń bá ọ̀rọ̀ náà lọ lálẹ́ òní.